Mo Ní Dàúdà Ti Gba Líbíà Lọ

Ẹ̀yin tí ẹ máa ka ọ̀rọ̀ yìí, ẹ jọ̀ọ́, ẹ jẹ́ kí n sọ ọ́ tán kí ẹ tó ṣépè fún mi. Ohun tí mò ń gbé kiri nínú mi ti fẹ́ pa mí. Ìyàwó mi gan-an kò mọ̀. Jímọ̀ tó kọjá ni mo gbọ́ ohun kan lẹ́nu ìyá àgbàlagbà kan tí n kò fi lè pa á mọ́ra mọ́.

Joju ni mò ń gbé, iṣẹ́ wẹ́dà ni mò ń ṣe ní Sango. Tẹ́lẹ̀, katapílà ni mò ń wà. Èmi àti Dàúdà la jọ kọ́ṣẹ́ lọ́dọ̀ ọ̀gá kan náà. Èmi kọ́ bí wọ́n ṣe ń wà á, òun kọ́ bí wọ́n ṣe ń tún un ṣe. Ìwó ni mo ti wá, n kò ní ẹnìkan níbí. Ìyá Dàúdà ní Àtàn ló ń fún mi lóúnjẹ. Tó bá ti bu ti ọmọ rẹ̀, á bu tèmi.

Awakọ̀ tirélà kan ló sọ fún mi pé wọ́n ń wá òṣìṣẹ́ níbi tí wọ́n ti ń wa èédú ní ìpínlẹ̀ Kogí. Kì í ṣe èédú igi o, èyí tó dà bí òkúta dúdú lábẹ́ ilẹ̀ ni. Èmi ni mo fa Dàúdà lọ́wọ́. Ìyá rẹ̀ kò fẹ́. Mo dọ̀bálẹ̀ bẹ̀ ẹ́. Ó ní, "Múfú, òun nìkan ni mo bí o." Mo ní, "Màmá, ẹ fọkàn balẹ̀, mo máa mú un padà wá."

Ẹ ò rí irú kòtò bẹ́ẹ̀ rí. Àwọn àgbà abúlé ibẹ̀ ní oko iṣu àti oko kajú ni gbogbo rẹ̀ tẹ́lẹ̀. Wọ́n ní ìjọba ti wa díẹ̀ níbẹ̀ láyé àwọn bàbá wọn, wọ́n pa á tì, kí ilé iṣẹ́ tó gbà wá tó dé. Wọn kì í gbẹ́ ihò wọlé bí òkété, òkè ni wọ́n ti ń ṣí i. A ó ha iyẹ̀pẹ̀ kúrò, wọ́n á fi ẹ̀tù fọ́ àpáta, kí èédú tó yọjú. Tirélà á kó o lọ sí ilé iṣẹ́ sìmẹ́ǹtì. Bí ti iwájú bá tán, a tún ń fẹ kòtò náà wọ oko olóko. Téèyàn bá dúró létí rẹ̀, katapílà tó wà nísàlẹ̀ á dà bí ohun ìṣeré ọmọdé.

Àsìkò òjò ni. Láàárọ̀ ọjọ́ yẹn, mo rí i pé ilẹ̀ ti sán létí kòtò, lókè ibi tí mo ti ń ṣiṣẹ́. Ọwọ́ mi wọ inú rẹ̀. Ó yẹ kí n sọ fún ọ̀gá, kí gbogbo èèyàn jáde. Ṣùgbọ́n mo ti sọ irú ẹ̀ rí, ibẹ̀ kò wó, ọ̀gá sì fi mí ṣẹ̀sín lójú gbogbo wọn pé ojo ni mí. Ẹ jọ̀ọ́, ìtìjú yẹn ni mo rò. Mo dákẹ́.

Lọ́sàn-án, katapílà mi kọṣẹ́. Mo pe Dàúdà. Ó sọ̀ kalẹ̀, ó ń rẹ́rìn-ín. "Ìwọ àti ẹńjìnnì yìí, ẹ tún ti jà?" Ó wọ abẹ́ rẹ̀. Mo wo òkè. Mo fẹ́ sọ fún un. Ó ní, "Lọ jẹun jàre, tí mo bá ṣe tán màá pè ẹ́." Mo gòkè lọ.

N kò tíì fọwọ́ kan oúnjẹ tí ilẹ̀ fi mì. Nígbà tí mo sáré débẹ̀, n kò rí Dàúdà, n kò rí katapílà. Iyẹ̀pẹ̀ nìkan ni. Mo fọwọ́ wa ilẹ̀ títí èékánná mi fi ń ṣẹ̀jẹ̀. Wọ́n wá a, òjò tún rọ̀, apá kejì tún wó. A kò rí òkú rẹ̀. Wọ́n ní kí n lọ sọ fún àwọn ará ilé rẹ̀.

Nígbà tí mo dé Àtàn, ìyá ń bó ẹ̀gẹ́ lẹ́yìnkùlé. Ó rí mi, ó dìde, ó bẹ̀rẹ̀ sí í jó. Ó ń wo ẹ̀yìn mi. "Dàúdà dà? Ṣé ó ń sanwó ọ̀kadà ni?" Ẹ jọ̀ọ́, ẹ gbà mí gbọ́, òótọ́ ni mo fẹ́ sọ. N kò mọ bó ṣe jẹ́ tí mo fi ní, "Ó ti gba Líbíà lọ, Màmá. Ó ní kí ẹ máa fàdúrà ran òun lọ́wọ́."

Ó fàdúrà ràn án lọ́wọ́ lóòótọ́, lẹ́yìn gbogbo ìrun. Á bi mí bóyá ó pè. Màá ní ó ní kí n kí i, pé nẹ́tíwọ́ọ̀kì ni kò dáa. Nígbà tó pẹ́, kò béèrè mọ́. Mo rò pé ó ti ń gbàgbé ni.

Jímọ̀ tó kọjá, mo lọ kí i nítorí ara rẹ̀ kò yá. Mo bá a lórí ẹní ìrun, ó ń dárúkọ wa fún Ọlọ́run: èmi, ìyàwó mi, àwọn ọmọ mi. Kò dárúkọ Dàúdà. Mo ní, "Màmá, Dàúdà ńkọ́?" Ojú rẹ̀ le. Ó ní, "Ọmọ tó gbàgbé ìyá ẹ̀, ṣé ọmọ nìyẹn? Tí mo bá kú tó bá wá, ẹ má jẹ́ kó dé sàréè mi. Ìwọ lọmọ mi." Ó gbé ọwọ́ lé mi lórí, ó wúre fún mi.

Ẹ̀yin èèyàn mi, òkú ni ìyá yìí ń bínú sí. Dàúdà kì í gba owó iṣẹ́ kó má kọ́kọ́ yọ ti ìyá rẹ̀. A kò kírun sí i lára, a kò ṣe sàráà kankan fún un, ìyá tó bí i sì ti kọ̀ ọ́ nítorí irọ́ mi.

Dókítà ní ọkàn màmá kò lágbára, kí á má jẹ́ kí wọ́n gbọ́ ohun tó lè mú àyà wọn já. Bí mo bá sọ ọ́, mo lè pa wọ́n. Bí mo bá dákẹ́, wọ́n á bínú ọmọ wọn dé ọ̀run, wọ́n á sì bá a níbẹ̀.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ̀yin ìyá ni mò ń bi jù lọ. Ẹ bú mi, mo gbà, ṣùgbọ́n ẹ dá mi lóhùn. Tó bá jẹ́ ẹ̀yin lẹ bí Dàúdà, èwo lẹ máa fẹ́ kí n ṣe?