Òjòlá Abẹ́ Èédú

Nínú takisí láti Adigbẹ lọ sí Òkè-Ìléwó, ọmọbìnrin kan tó jókòó tì mí ń fi fóònù han ìyá rẹ̀, inú ọmọ náà ń dùn débi pé kò lè jókòó jẹ́ẹ́.

"Màámi, ẹ wò ó! Òjòlá ni. Ó gùn ju bọ́ọ̀sì lọ! Níbi tí wọ́n ti ń wa èédú ní Kòlóńbíà ni wọ́n ti rí eegun rẹ̀. Kò tíì sí ènìyàn láyé nígbà tó kú. Wọ́n tiẹ̀ kọ́kọ́ pè é ní eegun ọ̀nì!"

"Ọ̀nì kẹ̀? Ojú wọn fọ́ ni?"

"Iṣẹ́ àwọn tó ń hú irú eegun àtijọ́ báyìí ni mo fẹ́ lọ kọ́ ní yunifásítì. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ gbà fún mi."

"Láéláé! Ilé Òṣùmàrè, òrìṣà tó ni òjòlá, la bí ọ sí. Tá a bá rí òkú òjòlá lóko, a ó kí i, a ó fi aṣọ funfun bò ó, a ó sì sin ín. Ìwọ wá fẹ́ máa hú u?"

"Wọ́n kúkú ti hú u, Màámi."

Ìyá gba fóònù, ó tẹjú mọ́ ọn títí.

"Ta ló kí i?"

"Ẹ̀n?"

"Nígbà tí wọ́n hú u, ta ló kí i?"

"Kò sẹ́ni tó kí i, mà. Wọn ò mọ̀."

Ọ̀rọ̀ yẹn, "Ta ló kí i?", ṣì wà létí mi. Awakọ̀ pàápàá yí rédíò rẹ̀ wálẹ̀. Ìyá dá fóònù padà fún ọmọ rẹ̀.

"Ó dáa, lọ kọ́ ọ. Bó o bá rí òmíràn, kúnlẹ̀ kí i kó o tó fọwọ́ kàn án."

Ọmọ náà pariwo ayọ̀, ó dì mọ́ ọn.

"Fi mí sílẹ̀ jàre! Aṣọ funfun ni mò ń rò. Ìgàn kan ò lè bo eléyìí."