Ohun Tí Mo Ṣe Sí Okùn Àbúrò Ọkọ Mi

Kí wọ́n tó gbé fíìmù ìgbésí ayé mi jáde, ọ̀rọ̀ kan wà tí mo gbọ́dọ̀ sọ. Mo ti gbé e mì tipẹ́, kò dà nínú mi. Kì í ṣe pé ikú ń kan ilẹ̀kùn mi o. Ara mi le, ojú mi ṣì ń rí ihò abẹ́rẹ́. Ohun tó fà á ni pé wọ́n pè mí wá wo fíìmù náà kí àwọn ènìyàn tó rí i. Mo jókòó láàárín àwọn tó yà á, gbogbo wa ń rẹ́rìn-ín sí ọkùnrin kan tí kò ṣẹ̀. Èmi ni mo mọ̀ pé kò ṣẹ̀, èmi náà sì rẹ́rìn-ín.

Ẹ̀yin tí ẹ ń sá aṣọ lẹ́yìnkùlé, ó ṣeé ṣe kí ohun tí iléeṣẹ́ mi ń ṣe wà lórí okùn yín báyìí: ohun kékeré aláwọ̀ búlúù kan tí ẹ ó ti okùn bọ̀ nínú, tí ẹ ó fà á, tí kò sì ní padà mọ́. Bí aṣọ bá ṣe ń wúwo sí i ni yóò máa di okùn mú sí i. Fíìmù náà sọ ìtàn obìnrin tó ń tún máṣíìnì ìránṣọ ṣe, tí kò kàwé débi kan, tí irin wẹ́wẹ́ kún ilé rẹ̀ débi tí ọkọ rẹ̀ fi bá síkúrúù nínú ọbẹ̀. Òótọ́ nìyẹn. Ọkọ mi yọ síkúrúù náà sẹ́gbẹ̀ẹ́ àwo, ó ní kí n má wá a mọ́, òun ti rí i, ó sì ń bá oúnjẹ rẹ̀ lọ. Ohun tó pani lẹ́rìn-ín nínú fíìmù náà, èyí tó pọ̀ jù níbẹ̀ ṣẹlẹ̀ lóòótọ́. Ibi tó gbé gbogbo ìtàn náà dúró gan-an ni irọ́.

Ìyá ọkọ mi ló ni ilé ìfọṣọ. Àwọn ilé ìtura àti ilé ìwòsàn ló ń kó aṣọ bẹ́ẹ̀dì àti bùláńkẹ́ẹ̀tì wá fún wọn. Ọkọ mi ń gbé ẹrù lọ, ó ń gbé e bọ̀. Èmi ń tún máṣíìnì àwọn télọ̀ ṣe nínú yàrá kan lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹnu ọ̀nà. Àbúrò ọkọ mi ní ṣọ́ọ̀bù gbẹ́nàgbẹ́nà lẹ́yìn ilé. Èmi ni mo sọ ọ́ ní Afínjú nígbà tí mo dé ilé wọn, nítorí bó bá kan àpótí, yóò fi sáńpépà họ inú rẹ̀ lọ́hùn-ún, níbi tí ojú ẹnikẹ́ni kò ní dé. Bí a bá fi ṣe yẹ̀yẹ́, yóò ní ojú lè má débẹ̀, ọwọ́ á débẹ̀. Òun ń pè mí ní Ìyàwó wa. Bí mo bá ń bínú, mo di Ọ̀gá Síkúrúù.

Okùn ló ń yọ gbogbo wa lẹ́nu. Bùláńkẹ́ẹ̀tì tó rin gbingbin a fa okùn wálẹ̀, etí rẹ̀ a kan ẹrẹ̀, a ó tún un fọ̀. Ẹ so ó le títí, ọ̀sán kò ní í pọ́n kó tó tún rọ̀. Ìyá ní ọlọ́gbọ́n pọ̀ nínú ilé àwọn, ṣùgbọ́n kò sí ọ̀kan tó lè mú okùn lásán dúró. Èmi ni mo kọ́kọ́ sọ ọ́ di iṣẹ́. Mo to àgbá irin kékeré méjì tó ní eyín sórí ara wọn, okùn ń gba àárín wọn kọjá, eyín ń bù ú mú. Afínjú wá dúró lẹ́yìn mi, ó wò ó títí, ó padà sí ṣọ́ọ̀bù rẹ̀. Nígbà tó tún dé, igi ló mú dání.

Ẹ jẹ́ kí n ṣàlàyé igi náà, torí ó dùn mọ́ mi títí dòní. Ó gbẹ́ ihò sínú igi líle, ihò náà fẹ̀ lápá kan, ó sì ń fún lọ sápá kejì. Ó fi igi kékeré kan sínú ihò yẹn, tó tẹ́ẹ́rẹ́ lórí kan, tó nípọn lórí kejì. Okùn ń gba ẹ̀gbẹ́ igi kékeré yìí kọjá. Bí aṣọ bá fa okùn, okùn a wọ́ igi náà lọ síbi tó fún, ibi tó fún a sì tẹ igi mọ́ okùn. Ẹrù fúnra rẹ̀ ló ń ti ilẹ̀kùn mọ́ ara rẹ̀. Kò sí irin níbẹ̀, kò sí sípíríǹgì. Mo yí i síwá, mo yí i sẹ́yìn. Inú mi dùn sí i, ó sì dùn mí.

A ránṣẹ́ sí ọ̀gá ilé ìtajà ńlá kan, ó ní òun yóò wá wo méjèèjì, ṣùgbọ́n ọ̀kan ṣoṣo ni òun yóò gbà. Afínjú ní èyí tó wù kí ọkùnrin náà mú, iṣẹ́ ilé wa ni, kí á jọ fi orúkọ wa sí i. Mo ní bẹ́ẹ̀ ni. Nígbà tí ọjọ́ ń súnmọ́, mo dán méjèèjì wò fúnra mi níbi tí kò sí ẹnikẹ́ni. Tèmi di okùn mú, ṣùgbọ́n eyín rẹ̀ ń jẹ okùn, fọ́nrán okùn ti ń hù síta bí irun àgbọ̀n ológbò. Ti Afínjú di okùn mú, kò sì jẹ ẹ́ rárá. Ọwọ́ mi kì í parọ́ fún mi nípa irin tàbí igi. Mo mọ̀ pé tirẹ̀ ló dára jù. Èmi ni mo ti ń jẹ ìyà okùn náà látìbẹ̀rẹ̀, mo sì rí i pé orúkọ ẹlòmíràn ni wọn yóò máa dá. Kò ju bẹ́ẹ̀ lọ. Mi ò ní ìdí mìíràn tó tóbi jù ú lọ tí mo lè sọ fún yín.

Lọ́jọ́ náà, nígbà tí mọ́tò ọ̀gá dúró níta, gbogbo ilé lọ pàdé rẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà. Mo kù lẹ́yìnkùlé pẹ̀lú okùn méjì. Ọṣẹ ìfọṣọ wà lórí pèpéle. Mo rì í bọ omi, mo fi pa okùn Afínjú níbi tí yóò ti gba inú igi rẹ̀ kọjá, mo pa á yí po, mo sì fi àtàǹpàkò tẹ̀ ẹ́ wọnú ìlọ́ okùn kí ó má baà hàn. Iṣẹ́ tó mọ́ ni. Nínú ilé tí ọṣẹ wà nílẹ̀, lára ògiri, lára aṣọ gbogbo wa, ta ni yóò fura sí ọṣẹ?

Wọ́n fi bùláńkẹ́ẹ̀tì tó tutù kọ́ okùn méjèèjì. Fún ìgbà díẹ̀, ti Afínjú dúró, mo sì rò pé ọṣẹ kò tó. Ni ọ̀gá bá ní kí wọ́n fi òmíràn kún un. Afínjú gbé e kọ́ fúnra rẹ̀, ó yíjú sí ọkùnrin náà, ó ní, “Ẹ wò ó, sà, bó bá ṣe ń wúwo sí i—” Ibẹ̀ ni okùn ti yọ̀. Bùláńkẹ́ẹ̀tì bo àwọn méjèèjì, Afínjú fẹ̀yìn jókòó sínú agbada ìfọṣọ, fìlà ọ̀gá ń léfòó nínú ọṣẹ. Ọ̀gá rẹ́rìn-ín títí ó fi di ìbàdí mú. Ọkọ mi rẹ́rìn-ín. Nínú fíìmù, wọ́n fi ajá kan kún un tó ń wọ́ bùláńkẹ́ẹ̀tì káàkiri. Kò sí ajá. Ọ̀gá gba tèmi, orúkọ mi nìkan ni mo sì fi sí i.

Bí mo bá dúró níbẹ̀, ẹ̀ṣẹ̀ mi ì bá jẹ́ olè àti ìlara, àwọn èyí tí ayé mọ̀. Ohun tó burú jù ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn náà. Mo ń tún máṣíìnì kan ṣe nígbà tí Afínjú wọlé pẹ̀lú igi kékeré náà lórí àtẹ́lẹwọ́ rẹ̀. Ìyá wà lẹ́nu ọ̀nà, wọ́n ń ká aṣọ. Ó ní, “Ìyàwó wa, bá mi wò ó. Ìwọ lo mọ bí nǹkan ṣe ń di nǹkan mú. Ṣé mo họ ọ́ dán jù ni?”

Kò bínú. Kò fura sí ẹnikẹ́ni. Ọwọ́ ara rẹ̀ ló ń fẹ̀sùn kàn, ó sì gbé ọwọ́ náà wá bá mi kí n dá ẹjọ́ rẹ̀. Mo gba igi náà, mo fi ìka ra á. Ó dán bí eyín ọmọdé. Mo ní, “Ó dán jù. Ẹ họ ọ́ jù.”

Ó mi orí, ó dúpẹ́, ó jáde. Ìyá ká aṣọ tó wà lọ́wọ́ wọn tán, wọ́n gbé e lé orí èyí tó kù. Wọ́n ní, “Èmi ni mo ká okùn yẹn nílẹ̀, ìyàwó. Ọṣẹ kì í fẹsẹ̀ ara rẹ̀ gun okùn.” Wọ́n ní àwọn kò ní tú ilé àwọn ká nítorí okùn, wọ́n sì gbé aṣọ wọlé. Títí tí wọ́n fi kú, wọn kò tún sọ̀rọ̀ rẹ̀ mọ́. Wọn kò sì jẹ́ kí n fọ aṣọ wọn mọ́.

Láti ọjọ́ náà ni Afínjú ti pa sáńpépà tì. Ó ní dídán kì í di nǹkan mú. Bó bá rẹ́ igi, bẹ́ẹ̀ ni yóò fi sílẹ̀ ní ṣákaṣàka. Àga rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í fa aṣọ ya, tábìlì rẹ̀ ń gún ènìyàn lọ́wọ́. Àwọn oníbàárà bẹ̀ ẹ́, wọ́n ṣe yẹ̀yẹ́ rẹ̀, wọ́n bá tiwọn lọ. Ó ti ṣọ́ọ̀bù pa. Mo fún un níṣẹ́ ní iléeṣẹ́ mi, ó ń di ẹrù sínú páálí, àwọn ọmọ iṣẹ́ sì ń pè é ní Baba Bùláńkẹ́ẹ̀tì. Mo gbọ́ ọ. Mi ò bá wọn wí.

Ní gbogbo àkókò yẹn, eyín irin mi ń jẹ okùn àwọn ènìyàn, wọ́n ń dá a padà. Mo bá gbé igi Afínjú, mo fi ike ṣe é, mo sì sọ fún gbogbo ayé pé orí máṣíìnì ni ọgbọ́n náà ti bá mi. Ike náà kò nílò kó rí ṣákaṣàka rárá. Ṣùgbọ́n mo ní kí wọ́n fín ìlà wẹ́wẹ́ sí i lára, kí irọ́ mi lè rí ibi dúró sí. Nígbà tí Afínjú rí i, ó fi èékánná ra àwọn ìlà náà, ó ní, “O rí i? Ibi tí mo ti kùnà nìyẹn. O ṣe é dáadáa, Ìyàwó wa.”

Òun ló jókòó tì mí lọ́jọ́ tí a lọ wo fíìmù. Nígbà tí ajá yẹn dé, ó rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀. Ó nu ojú, ó tẹ̀ sí etí mi, ó ní wọ́n gbìyànjú, àmọ́ wọn kò fi hàn pé òun họ ọ́ jù. Kí n sọ fún wọn kí wọ́n fi kún un, kí àwọn ọ̀dọ́ oníṣẹ́ ọwọ́ lè fi kọ́gbọ́n. Ó fẹ́ kí ayé fi irọ́ mi kọ́gbọ́n.

Mo sọ òtítọ́ fún ọmọbìnrin tó ya fíìmù náà. Ó ní, “Mọ́mì, ibẹ̀ ni wọ́n ti ń rẹ́rìn-ín jù o.” Mo ní kí wọ́n rẹ́rìn-ín, àmọ́ kí wọ́n rí ọṣẹ lọ́wọ́ mi kí wọ́n tó rẹ́rìn-ín. Wọ́n ti tún un yà. Ọmọ tó ń ṣe èmi bi mí pé irú ojú wo ni kí òun ṣe, ṣé kí omijé lé sójú òun ni. Mo ní rárá. Lọ́jọ́ náà, mo kàn ń wò bóyá ọṣẹ náà kárí okùn ni.

Kí wọ́n tó tún un yà, mo kọ́kọ́ lọ sí ilé Afínjú. Mo sọ gbogbo rẹ̀ fún un láìjókòó. Ó gbọ́ mi tán. Ohun tó kọ́kọ́ bi mí ni pé ọṣẹ wo. Mo ní ọṣẹ ìfọṣọ. Ó ní ṣé mo fi omi kàn án. Mo ní mo fi kàn án. Ó rò ó lọ, ó rò ó bọ̀, bí oníṣẹ́ ṣe ń ro iṣẹ́, ó wá mi orí pé bẹ́ẹ̀ ni, yóò yọ̀. Ó bá ké sí ìyàwó rẹ̀, nọ́ọ̀sì tó ti fẹ̀yìn tì, tó wà ní yàrá kejì.

“Kò dán jù,” ó wí. Ìyàwó rẹ̀ yọjú, kò mọ ohun tó ń wí. Ó tún un sọ, ohùn rẹ̀ kò gbé sókè: “Ìyàwó wa ní kò dán jù.”

Nígbà tí ọ̀rọ̀ yé obìnrin náà, ó ní gbogbo ọmọ òun, òun fi abẹ́rẹ́ yọ ẹ̀gún igi lára wọn dàgbà ni, òun sì ń bá ọkọ òun jà lórí rẹ̀ títí ó fi sú òun. Ó ní kí n máa lọ. Afínjú kò wò mí. Ó ń wo ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì.

Orúkọ rẹ̀ ni yóò máa wà lára páálí láti ìsinsìnyí lọ. Ẹ̀yin ọ̀dọ́ tí ẹ ń wá nǹkan tuntun ṣe, olè jíjà burú, ṣùgbọ́n ohun tí a jí ṣeé dá padà. Bí ẹnìkan bá gbé iṣẹ́ rẹ̀ tọ̀ yín wá, tó ní kí ẹ bá òun wá àṣìṣe òun, tí ẹ sì mọ̀ pé kò sí, ẹ má fún un ní ọ̀kan mú relé. Yóò lò ó. Mo bẹ Afínjú, mo bẹ ìyàwó rẹ̀, mo bẹ àwọn ọmọ tí igi gún. Kò tíì sọ pé òun dárí jì mí. Mi ò ní kó yára.