Àmì Pupa Màmá Élísì

Ẹ̀yin ará, ẹ jókòó. Pásítọ̀, ẹ ṣeun tí ẹ fún mi láyè, àmọ́ ẹ má wo aago tí mo bá ń sọ̀rọ̀ o, torí ẹ̀yin náà kì í wò ó tí ẹ bá ń wàásù. Káyọ̀dé, àbúrò mi, mo rí i pé o jókòó sẹ́bàá ilẹ̀kùn, ṣọ́bìrì ẹ sì wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ bó ṣe máa ń wà, nínú ooru gangan. Jọ̀ọ́, má jáde títí màá fi parí. Ìwọ ni ọ̀rọ̀ yìí kàn jù.

Gbogbo yín lẹ mọ alága káńsù wa tó kú, Ọ̀gbẹ́ni Gọ́dọ̀n. Ní abúlé Kánádà yìí, tí gbogbo ilé inú ẹ̀ ò tó ti àdúgbò kan n'Ìbàdàn, òyìnbó yẹn ni ọba, òun náà ni baálẹ̀. Oko lẹ́yìn ilé gogoro tí wọ́n ń kó ọkà sí ni wọ́n bí i sí. Ó wa bọ́ọ̀sì ọmọ ilé-ìwé. Ó wá di káńsẹ́lọ̀ torí afárá kan tó bàjẹ́ tí kò yéé pariwo lé lórí títí wọ́n fi tún un ṣe, ó sì di alága títí ikú fi bá a lórí àga níbi ìpàdé. Kò sí òkú tí wọ́n sin lágbègbè yìí tí kò débẹ̀, tòun ti páànù pọ̀tétò tí ìyàwó ẹ̀ yan. Ó mọ orúkọ ajá oníkálukú. Nígbà tí a dé, tí kò sẹ́ni tó fẹ́ fún wa níbi tí a ó ti máa jọ́sìn, òun ló fọwọ́ ara ẹ̀ kó kọ́kọ́rọ́ gbọ̀ngàn yìí lé Pásítọ̀ lọ́wọ́. Èmi tí mo ti kọ̀wé wáṣẹ́ títí ọwọ́ fi ń ro mí, òun ló gbà mí sí ọ́fíìsì káńsù. Ẹni tó bá da omi síwájú á tẹlẹ̀ tútù, bàbá náà sì da omi síwájú dáadáa. Nígbà tí Pásítọ̀ sọ lọ́jọ́ ìsìnkú pé ó ti wà ní oókan àyà Ábúráhámù, èmi ni mo ṣe "Àmín" tó ròkè jù.

Àmọ́ bàbá ní ìwà kan. Tí ìbò bá ti ń bọ̀, àwọn òyìnbó ibí máa ń ri pátákó olóṣèlú tí wọ́n fẹ́ mọ́ iwájú ilé wọn. Alága á wá máa wa ọkọ̀ jẹ́jẹ́ káàkiri, á máa wo iwájú ilé kọ̀ọ̀kan. Kò ní sọ nǹkan kan. Kò sì ní gbàgbé.

Iṣẹ́ tèmi ni láti ṣètò ọ̀nà tí katakata máa kọ́kọ́ gbá nígbà tí yìnyín bá bọ́. Bọ́ọ̀dù funfun kan wà lára ògiri ọ́fíìsì, orúkọ gbogbo ilé oko ló wà níbẹ̀. Ilé tí aláìsàn bá wà, a máa ń fi máákà pupa ṣe àmì róbótó síwájú orúkọ ẹ̀, katakata sì gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ débẹ̀. Màmá Élísì, opó tó ń gbé lópin ọ̀nà, ní àmì pupa, torí ọkàn ẹ̀ ò dáa. Ẹ rántí Màmá Élísì. Òun ló kọ́ ìdajì yín bí wọ́n ṣe ń wakọ̀ nínú yìnyín, òun náà ló gba Káyọ̀dé sílé bí ọmọ tó bí. Nígbà ìbò tó kọjá, ìyá yìí ri pátákó ẹni tó ń bá alága du ipò mọ́ iwájú ilé ẹ̀.

Ìbò parí, alága wọlé. Lọ́jọ́ kejì ó wá sí ọ́fíìsì, ó mu kọfí, ó fi ìka kan orúkọ ìyá náà lára bọ́ọ̀dù. Ó ní, "Fọlákẹ́, ara ìyá yìí ti yá o. Ẹni tó lágbára láti fi òòlù kan igi mọ́lẹ̀, ṣé aláìsàn nìyẹn?" Ó rẹ́rìn-ín, èmi náà rẹ́rìn-ín. Wọ́n nu àmì pupa náà kúrò. Ẹ má tíì bi mí pé ta ni "wọ́n".

Ẹ mọ ìyókù. Yìnyín bọ́ lóru àti lọ́sàn-án. Katakata gbá ibi gbogbo, kò dé ọ̀nà ìyá náà fún ọjọ́ mẹ́ta. Lọ́jọ́ kẹta ọkàn ẹ̀ dà á láàmú, ọkọ̀ ánbúláǹsì sì rì sí oríta. Káyọ̀dé mú ṣọ́bìrì bọ́ síta, ó ń wa yìnyín, ó ń wà á, láti ẹnu ọ̀nà títí dé ìdajì ọ̀nà tó lọ síbi tí ọkọ̀ wà. Nígbà tó fi sáré padà wọlé, ìyá ti lọ. Láti ọjọ́ náà ni Káyọ̀dé ti ń sọ pé ọwọ́ òun ló lọ́ra. A ń bẹ̀ ẹ́, a ń sọ fún un pé àkókò ìyá ló tó. Èmi náà sọ bẹ́ẹ̀ fún un, lójúkojú. Èmi tiẹ̀ ni mo lé orin níbi ìsìnkú ìyá.

Nínú ààwẹ̀ tí a gbà yìí, lọ́sàn-án Ọjọ́bọ̀, mo wà lórí ìkúnlẹ̀ nínú yàrá mi. Mo ní, "Olúwa, fi ibi tí o fi alága wa sí hàn mí." Ẹ jẹ́ n sòótọ́ fún yín. Èrò mi ni pé tí bàbá bá wà lọ́run rere, á jẹ́ pé ọ̀rọ̀ bọ́ọ̀dù yẹn ò tó nǹkan, ọkàn tèmi náà á sì balẹ̀. Mo gbórí lé Bíbélì, oorun sì gbé mi lọ.

Mo bá ara mi lójú ọ̀nà kan. Ẹnì kan tó wọ aṣọ funfun dúró tì mí, n ò rí ojú ẹ̀ dáadáa, ẹsẹ̀ ẹ̀ ò sì kanlẹ̀. Ó ní, "Ìwọ lo béèrè. Máa bọ̀."

A kọ́kọ́ dé ibi tí àwọn èèyàn jókòó yí tábìlì ká, oúnjẹ ń gbóná níwájú wọn, wọ́n sì ti de ọwọ́ wọn sẹ́yìn. Ẹni tó gbé abọ́ ń bi wọ́n pé, "Ṣé ebi ń pa yín?" Wọ́n á la ẹnu kí wọ́n ní bẹ́ẹ̀ ni, irọ́ tí wọ́n pa láyé ló máa jáde. Ọ̀kan á ní, "Mi ò sí nílé lọ́jọ́ náà." Òmíràn á ní, "Èmi kọ́ ni mo mú un." Ni wọ́n á bá gbé oúnjẹ kọjá. Olùtọ́nisọ́nà mi ní, "Òpùrọ́ ni wọ́n. Òtítọ́ kan ṣoṣo ni wọ́n nílò, kò sì sí lẹ́nu wọn mọ́."

A kọjá àwọn alágbèrè, lọ́kùnrin lóbìnrin, wọ́n gbé bàtà lọ́wọ́, wọ́n ń sáré láti ilé dé ilé, wọ́n ń wá ilẹ̀kùn ilé tara wọn, wọn ò rí i. Mo rí ẹnì kan tí mo mọ̀ níbẹ̀. N ò ní dárúkọ, ẹ má wo ojú ara yín. A wá dé ibi tí iná wà, tí àwọn tó ti jókòó lé èèyàn lórí láyé ti ń gbé àwọn èèyàn náà léjìká nínú iná, tí wọn ò sì lè sọ̀ wọ́n kalẹ̀. Mo wá alága nínú iná náà, mo wá a, mo wá a, n ò rí i. Inú mi dùn! Mo ní, "Ẹ ò rí i pé kò sí níbí? Ẹ jẹ́ ká máa lọ sọ́run." Olùtọ́nisọ́nà ní, "Kì í ṣe gbogbo ìyà ló gbóná."

Bó ṣe wí bẹ́ẹ̀ ni atẹ́gùn kan fẹ́, iná kú pátá, òtútù gbá mi mú, òtútù tí ẹnikẹ́ni nínú wa ò rí irú ẹ̀ rí níbí, yìnyín ń bọ́, ó ń bọ́, n ò rí ọwọ́ ara mi, ohùn obìnrin kan sì ń ké láti inú ilé kan pé ẹ gbà mí, ọkàn mi, ẹ gbà mí, ilé sì pọ̀ lọ rẹrẹ, gbogbo wọn rí bákan náà, ọkùnrin kan sì wà lórí ìkúnlẹ̀ tó ń fi ọwọ́ lásán wa yìnyín, ó wà á dé ẹnu ilẹ̀kùn kan, ó ṣí i, kò séèyàn níbẹ̀, ó kígbe, ó yí sí ilé mìíràn, yìnyín sì ti bo gbogbo ibi tó ti wà, ó gbójú sókè, mo wò ó, yéè, ẹ gbà mí, alága wa ni!

Bàbá tó mọ orúkọ ajá oníkálukú, kò mọ ilé mọ́. Mo bú sẹ́kún. Ẹ̀yin ará, mo fẹ́ràn bàbá yẹn.

Ó rí mi, ó rá bàbà wá sọ́dọ̀ mi. Ó ní, "Fọlákẹ́! Ọlọ́run ló rán ẹ. Ilé wo ni aláìsàn wà? Àmì pupa dà?"

Mo ní, "Sà, n ò mọ̀."

"Ìwọ lo wà nídìí bọ́ọ̀dù! Jọ̀ọ́, fi àmì sí i fún mi, kí n lè dé ọ̀dọ̀ ẹ̀. Ẹ̀ẹ̀kan péré!"

Mo na ọwọ́ sí ilẹ̀kùn kan. Ìgbà yẹn ni mo rí ìka ìfábẹ̀lá mi tó pupa látòkè délẹ̀. Mo fi fa àmì, kò hàn. Mo tún fà á, kò hàn. Mo nu ìka mọ́ aṣọ mi, pupa ẹ̀ ò kúrò. Olùtọ́nisọ́nà ní, "Ìka tó nu àmì kò lè kọ ọ́ mọ́ níbí."

Mo fárígá. Mo ní, "Alága ló ní kí n nù ún!"

Ó wò mí. Ó ní, "Ṣé ó ní kí o nù ún?"

Mo rántí. Bàbá ò sọ bẹ́ẹ̀. Ó kàn rẹ́rìn-ín ni, ó sì gbé kọfí ẹ̀ jáde. Èmi ni mo dìde fúnra mi, kí inú ọ̀gá mi lè dùn, mo sì fi ìka mi nù ún. Ẹni tó gbé epo lájà kò jalè tó ẹni tó gbà á sílẹ̀.

Ìbọ̀wọ́ kan wà nílẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ alága, irú èyí tí káńsù máa ń pín fún wa, tí oníkálukú máa ń kọ orúkọ sí kí ẹlòmíì má baà gbé e. Mo bẹ̀rẹ̀ wò ó. Fọlákẹ́ ni wọ́n kọ sí i. Ìkọ̀wé ọwọ́ mi ni. Mo gbé! Mo kígbe títí ohùn mi fi há.

Olùtọ́nisọ́nà fà mí kúrò níbẹ̀, a gun òkè kan, òtútù sì tán. Koríko tútù ló wà níbẹ̀, àwọn èèyàn ń sinmi lábẹ́ igi, kò sẹ́ni tó ń kánjú. Màmá Élísì jókòó sórí àga onígi, kò wọ bàtà, ó ń bó ẹ̀wà tútù sínú abọ́. Mo fi ọwọ́ mi pamọ́ sẹ́yìn. Ó ní, "Fọlákẹ́, ṣé o ti jẹun?" bó ṣe máa ń bi gbogbo yín.

Ó tọ́ka sísàlẹ̀. Mo wò, mo rí Káyọ̀dé. Káyọ̀dé tó wà láyé, tó jókòó sí ẹ̀gbẹ́ ilẹ̀kùn yẹn! Ó wà nínú yìnyín, ó ń wà á. Ìyá ní, "Ọmọ yẹn ò tíì dáwọ́ dúró. Mo ń pè é pé ó tó, kò gbọ́ mi."

Mo dọ̀bálẹ̀ bí ọkùnrin. Mo ní, "Mà, ẹ dárí jì mí."

Ó ní, "Èmi ti sinmi. Òun ni kò sinmi. Lọ fi àmì mi padà síbi tí o ti nù ún."

Mo fẹ́ dúró lọ́dọ̀ ẹ̀. Olùtọ́nisọ́nà di ìka mi mú. Ó ní, "Wọn ò tíì ti ilẹ̀kùn ibí yìí mọ́ ẹ. Wọn ò sì tíì gbé ìbọ̀wọ́ yẹn kúrò níbi tó wà."

Mo jí. Oòrùn ọ̀sán kún inú yàrá, àmọ́ ọwọ́ mi tutù bíi yìnyín. Ọkọ mi di ọwọ́ mi mú, ó ní ṣé inú fíríìsà ni mo ki ọwọ́ bọ̀ ni.

Ẹ̀yin ará, ẹ gbọ́ mi. Kì í ṣe ẹni tó wà lórí àga nìkan ni wọ́n ń dá lẹ́jọ́. Àwa tí a dúró ti àga náà wà níbẹ̀. Ẹ ṣọ́ra fún ẹ̀rín tí ẹ ń bá ọ̀gá yín rín. Pásítọ̀, ẹ má bínú sí mi nítorí ohun tí mo rí, ẹ bá mi gbàdúrà. Lọ́la, n ó dé káńsù, n ó sọ ọ́ bó ṣe rí, n ó sì kọ̀wé sí ọmọ tí Màmá Élísì bí, tó ń gbé ìlú mìíràn. Tí wọ́n bá lé mi níbi iṣẹ́, kí wọ́n lé mi.

Káyọ̀dé, èmi ni. Kò sí "wọ́n" kankan. Ìka náà nìyí. Ọwọ́ ẹ ò lọ́ra, ọmọ ìyá mi. Ọ̀nà tí katakata ò gbá fún ọjọ́ mẹ́ta, ẹnì kan ṣoṣo ò lè fi ṣọ́bìrì là á. Mo mọ̀ bẹ́ẹ̀ láti ọjọ́ náà, mo sì ń wò ẹ́ bí o ṣe ń gbé e kiri. Tí o bá fẹ́ bú mi, bú mi. Tí o ò bá ní bá mi sọ̀rọ̀ mọ́ láyé, mo gbà. Ṣùgbọ́n ìyá ẹ rán mi sí ẹ. Ó ní ó tó. Gbé ṣọ́bìrì yẹn sílẹ̀.