Èmi Ni Mo Fi Ohùn Ràfátù Bú Ọ̀ṣìnúbí

Ẹ̀yin òṣèré ẹlẹgbẹ́ mi, ó ti pẹ́ tí ẹ ti ń pe Ràfátù ní agbéraga. A ti sin ín, ẹ kò sì tíì dákẹ́. Èmi Oyèlọlá, tí ẹ ń kí pé "ẹ kú ara fẹ́ra kù" nítorí rẹ̀, ni mo fi orúkọ náà lé e lórí. N kò lè gbé òtítọ́ yìí wọ ibojì.

Ọ̀tà níbí ni àwa méjèèjì ti bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ fíìmù. Ẹ mọ ipò wa: ọ̀rẹ́ ìyàwó, aládùúgbò, nọ́ọ̀sì tó ń mú ìròyìn burúkú wá. Èmi ni mo lọ sílé ìwé ìjọ, níbi tí wọ́n ti fi pàṣán kọ́ wa láti pe ọ̀rọ̀ kó já gaara. Mo rò pé èmi ni ipò iwájú tọ́ sí. Ṣùgbọ́n bí Ràfátù bá ti sọ gbólóhùn kan, kámẹ́rà á yí kúrò lójú mi sí tirẹ̀. Ìlara mi kò pariwo. Ó ń rẹ́rìn-ín, ó ń bá a tún gèlè ṣe.

Nínú yàrá mi, mo máa ń sín ohùn rẹ̀ jẹ. Nígbà tó gbọ́ ọ, ó rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀. "Oyè, olè ni ẹ́! Wá máa bá mi dá bàbá Fáìzàh lóhùn, ó ti rẹ̀ mí."

Lọ́jọ́ kan à ń ṣiṣẹ́ ní Ìgbẹ́sà. Ẹ mọ àṣà wa: ẹni tí kámẹ́rà bá kàn á gbé fóònù rẹ̀ fún ẹni tó ń dúró de tirẹ̀. Ti Ràfátù wà lọ́wọ́ mi nígbà tó dún. Ọ̀ṣìnúbí ni, olùdarí fíìmù tí gbogbo wa ń retí ìpè rẹ̀. "Ràfátù, mo ní iṣẹ́ kan fún ẹ. Kì í ṣe aládùúgbò lọ́tẹ̀ yìí o. Ìwọ gan-an ni ìtàn dá lé."

Kí ni ìbá ná mi kí n ní, "Ẹ jọ̀ọ́ sà, ó wà lẹ́nu iṣẹ́"? Ohùn Ràfátù ni mo fi dáhùn: "Ọ̀ṣìnúbí wo? Ṣé ẹ̀yin tí fíìmù yín máa ń mú èèyàn sùn? Ẹ wá ọmọdé tẹ́ ẹ ó máa rán níṣẹ́."

Inú bí i. "Èmi lò ń bá sọ̀rọ̀ báyìí? Ó dáa. Wàá rí i."

Mo pa ìpè náà rẹ́, mo sì ti nọ́ńbà rẹ̀ pa kó má lè wọlé mọ́. Nígbà tí Ràfátù jáde, òógùn bò ó. "Ta ló pè mí?" Mo ní kò sẹ́nì kankan. Ó bu búrẹ́dì rẹ̀ sí méjì, ó fún mi ní èyí tó tóbi. Mo jẹ ẹ́.

Ọ̀rọ̀ náà tàn ká, ẹnikẹ́ni kò sì pè é mọ́. Ipò ọ̀hún kò tilẹ̀ kàn mí. Ẹlòmíràn ló gbà á. Nígbà tí Ràfátù gbọ́ pé Ọ̀ṣìnúbí ń bínú sí òun, ó ní kí n sin òun lọ sílé rẹ̀ ní Ìyànà Ìyẹsí. Ẹni tó ń ṣọ́ géètì ní ọ̀gá òun kò mọ̀ wá. Ràfátù kúnlẹ̀ síbẹ̀ lórí òkúta wẹ́wẹ́. "Ẹ bá mi sọ fún wọn pé bí mo bá ṣẹ̀ wọ́n, kí wọ́n forí jì mí." Mo dúró lẹ́yìn rẹ̀, mo bá a di báàgì mú. Mo lè la ẹnu mi. N kò là á. Èyí burú ju ohun tí mo sọ lórí fóònù lọ.

Ó lọ ń di bisikíìtì sí páálí nílé iṣẹ́ kan ní Ṣàngó, títí àìsàn fi mú un lọ lọ́dún yìí.

Láìpẹ́ yìí, Fáìzàh ọmọ rẹ̀ lọ dán ara rẹ̀ wò níbi tí wọ́n ti ń wá òṣèré tuntun. Wọ́n ní, "Ṣé ọmọ agbéraga yẹn kọ́ nìyí?" Wọ́n lé e. Ó wá bá mi. "Màmá Oyè, ẹ̀yin lẹ sún mọ́ wọn. Ṣé bẹ́ẹ̀ ni màámi rí lóòótọ́?"

Mo kúnlẹ̀, mo jẹ́wọ́ fún un.

"Ẹ dìde, mà. Èmi kọ́ lẹ purọ́ fún. Ẹ lọ sọ ọ́ fún wọn."

Ọ̀gbẹ́ni Ọ̀ṣìnúbí, Ràfátù kọ́ ló bú yín. Èmi ni. Ẹ̀yin ọ̀dọ́ òṣèré, bí ẹnìkejì bá mọ iṣẹ́ jù yín lọ, ẹ sọ ọ́ fún un lójú ara rẹ̀. Ìyìn tí ẹ bá gbé mì ló ń di májèlé.

Ẹ pe Fáìzàh. Ẹ fúnra yín wo ohun tó lè ṣe. Bí ẹ bá ti wò ó tán, ẹ wá lè rò ó bóyá ẹ ó dárí jì mí.