Wọ́n Fa Àfikún Géèmù Bàbá Mi Tu Láìbèèrè, Olúwa Sì Gbà Wá

Ògo! Ẹ bá mi gbé e ga! Ògo fún Ọba tí ẹnikẹ́ni ò lè yọ nípò! Ẹ̀yin ará, ẹ pariwo dáadáa, nítorí inú ń bí mi. Bí ẹ ò bá pariwo, èmi ni n ó pariwo lé yín lórí.

Mo mọ̀ pé a kì í fi ìbínú jẹ́rìí. Pásítọ̀ ti sọ fún mi lẹ́nu ọ̀nà pé, "Àǹtí Fọlákẹ́, ẹ rọra o." Mo ní mo ti gbọ́. Ṣùgbọ́n iṣẹ́ oníròyìn ni mò ń ṣe láti ìgbà tí mo ti jáde ilé-ẹ̀kọ́. Bí nǹkan bá ṣe ṣẹlẹ̀ ni mo máa ń sọ ọ́, ẹnu àwọn tó wà níbẹ̀ ni mo sì máa fi ń sọ ọ́. Ẹni tí ọ̀rọ̀ yìí bá kàn, kó jọ̀ọ́ kó má jáde lọ gba fóònù.

Gbogbo yín lẹ mọ bàbá mi, Bàbá Tíṣà. Ẹsẹ̀ tó fi ń gun kẹ̀kẹ́ láti Ìkẹ́rẹ́ níbí lọ kọ́ni ní Ìsẹ̀, ẹsẹ̀ tó fi ń kó àwọn ọmọ ilé-ìwé gun òkè Orólè, òun náà ló kọṣẹ́. Orúnkún méjèèjì wú. Dókítà pè mí sẹ́gbẹ̀ẹ́, ó ní, "Màdámù, Bàbá gbọ́dọ̀ máa dìde rìn. Bí ó bá jókòó sójú kan, orúnkún yìí á gan. Tó bá ti gan, ẹ ó máa gbé e lọ sí balùwẹ̀ ni."

Bàbá ò fẹ́ rìn. "Níbo ni mo ń lọ?" ló ń bi wá. "Láti pálọ̀ dé yàrá, ṣé ìrìnàjò nìyẹn?"

Àbúrò mi tó wà lókè òkun wá fi láptọ́ọ̀pù kan ránṣẹ́, géèmù kan wà nínú rẹ̀. Ẹ má rẹ́rìn-ín, ẹ gbọ́. Nínú géèmù náà, èèyàn á di arìnrìn-àjò ní ilẹ̀ ńlá kan, òkè ń bẹ níbẹ̀, odò ń bẹ níbẹ̀. Àwọn ará ìlú á máa rán an níṣẹ́. Á kọ́lé, á dáko, á ra ẹṣin. Bàbá wọ inú rẹ̀ lọ bí ẹni padà sí ìgbà ọ̀dọ́. Ó kọ́lé sétí odò. Ó sọ ẹṣin rẹ̀ ní Kẹ̀kẹ́, ẹ̀yin náà mọ ìdí rẹ̀.

Ó wá bá dókítà dá májẹ̀mú. Ó ní, "Ìgbàkígbà tí Kẹ̀kẹ́ bá dé ìlú kan tó sinmi, èmi náà á dìde." Bẹ́ẹ̀ ló sì ń ṣe. Tí ó bá ti dé ìlú kan nínú géèmù, á gbé ọ̀pá, á rìn láti pálọ̀ lọ sí ẹ̀yìnkùlé, á kí ewúrẹ́, á padà. Ẹsẹ̀ ń rọ̀! Ẹ ṣe ọpẹ́ níbẹ̀! Dókítà fọwọ́ kan orúnkún, ó bú sẹ́rìn-ín: "Géèmù yìí ṣe ju oògùn mi lọ."

Nígbà ọdún Kérésìmesì, Tóyìn, ọmọ ẹ̀gbọ́n mi tó ń ṣiṣẹ́ ní Èkó, wá kí wa. Bàbá ti ṣe gbogbo iṣẹ́ inú géèmù náà tán, ó wá ń ráhùn bí àgbẹ̀ tí ilẹ̀ tán lọ́wọ́ rẹ̀. Tóyìn bá a fi àfikún kan sí i. Kì í ṣe àwọn tó ṣe géèmù ló ṣe irú àfikún bẹ́ẹ̀ o. Àwọn tó fẹ́ràn géèmù ló ń jókòó kọ ìtàn mìíràn, tí wọ́n á lẹ̀ ẹ́ mọ́ ti tẹ́lẹ̀. Mọ́ọ̀dù ni àwọn ọmọ òde òní ń pè é. Èyí tóbi gan-an. Odindi ilẹ̀ tuntun ni: igbó ńlá kan, àwọn abúlé, àti ìtàn gígùn nípa ojúbọ kan láàárín igbó, níbi tí wọ́n ti ń jí ọmọ àwọn ará abúlé gbé. Wọ́n rán Bàbá níṣẹ́ pé kó lọ wo ohun tó ń ṣẹlẹ̀ níbẹ̀. Inú rẹ̀ dùn. Ó ń rìn. Ewúrẹ́ ẹ̀yìnkùlé ti mọ̀ ọ́n lójú.

Ibí ni kí ẹ ti gbọ́ mi dáadáa.

Ní ọjọ́ Ìsinmi kan lẹ́yìn ìsìn, àwọn ará wa lọ kí Bàbá nílé. Mi ò sí níbẹ̀, iṣẹ́ gbé mi lọ sí Adó. Ẹnu Ìyá Ìjọ ni mo ti gbọ́ ọ, ó jókòó síbẹ̀ yẹn, ẹ jẹ́ kó sọ pé irọ́ ni. Ó ní, "Fọlákẹ́, bí a ṣe wọlé, òrìṣà la kọ́kọ́ rí lójú láptọ́ọ̀pù. Ó ga, ojú rẹ̀ pọ́n kankan. Bàbá sì jókòó níwájú rẹ̀. Mo rò pé ó ń bọ ọ́ ni."

Díákónì wa ló kọ́kọ́ ké: "Ẹ̀jẹ̀ Jésù! Bàbá Tíṣà! Ní ọjọ́ ogbó yín!"

Bàbá ní, "Díákónì, ẹ jókòó, ẹ mu omi."

Díákónì ní, "A kì í mu omi níbi tí òrìṣà bá ti ń wo ni lẹ́nu."

Ni wọ́n bá bẹ̀rẹ̀ àdúrà. Àdúrà dára! Èmi náà ń gbàdúrà. Ṣùgbọ́n ẹnu Díákónì ń gbàdúrà, ọwọ́ rẹ̀ ń ṣiṣẹ́. Ó mọ kọ̀ǹpútà díẹ̀, ti ọ́fíìsì. Ó gba láptọ́ọ̀pù lọ́wọ́ àgbàlagbà, ó ti géèmù pa, ó wá inú rẹ̀ títí ó fi rí àfikún náà, tí wọ́n kọ Ojúbọ sí lórí, ó pa gbogbo rẹ̀ rẹ́. Láàárín iṣẹ́! Bàbá ò tíì parí ohun tí wọ́n rán an! Wọ́n pariwo Halelúyà, wọ́n sì lọ sílé lọ jẹ ìrẹsì.

Nígbà tí Bàbá ṣí i padà, géèmù kọ́kọ́ kìlọ̀ pé nǹkan kan ti sọnù. Ilẹ̀ dúdú ni Bàbá dúró lé. Kò rí igbó, kò rí ọ̀nà, kò rí Kẹ̀kẹ́. Láàárín ìṣẹ́jú kan, géèmù ti ara rẹ̀ pa. Ó tún ṣí i, ó tún pa. Bàbá rọra bo láptọ́ọ̀pù mọ́lẹ̀. Láti ọjọ́ náà, kò dìde mọ́. Oúnjẹ ọwọ́ wa ló ń jẹ lórí ìjókòó. Dókítà dé, ó tẹ orúnkún, kò rẹ́rìn-ín mọ́. Ó ní, "Ó ti ń gan. Ẹ má jẹ́ kí èyí pẹ́."

Ẹ̀yin ará, ṣé ẹ rí i? Bàbá mi ni wọ́n fẹ́ sọ di arọ, ní orúkọ Jésù!

Mo lọ bá Díákónì. Ó fọwọ́ gba agbádá rẹ̀, ó ní, "Ohun tó lọ ti lọ, Àǹtí. Ẹ dúpẹ́ pé ilé ti mọ́." Ilé wo ló mọ́? Mo gbé láptọ́ọ̀pù lọ sọ́dọ̀ ẹnìkan tó ń tún wọn ṣe ní Ìkẹ́rẹ́ níbí. Kò tilẹ̀ tíì so ó mọ́ iná tó ti ní, "Ẹ jẹ́ ká nù ún, ká bẹ̀rẹ̀ lákọ̀tun." Mo ní ṣé ilé tí Bàbá kọ́ á wà níbẹ̀? Ó ní, "Ilé wo? Géèmù mà ni, Mọ́mì." Mo gba ẹrù mi lọ́wọ́ rẹ̀. Mo pe Tóyìn. Ó lọgun nínú fóònù: "Àǹtí, ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni fọwọ́ kàn án mọ́! Ẹ jọ̀ọ́!" Ó wá ní ọ̀rẹ́ òun kan, Ọmọ́táyọ̀, ń kọ́ àwọn ọmọ ní kọ̀ǹpútà ní Ẹmùré, géèmù yìí kan náà lòun náà sì ń ṣe.

Mo wọkọ̀ lọ sí Ẹmùré. Ìbéèrè ni Ọmọ́táyọ̀ fi bẹ̀rẹ̀. Ìgbà àkọ́kọ́ nìyẹn tí ẹnikẹ́ni máa béèrè nǹkan nínú gbogbo ọ̀rọ̀ yìí!

"Ta ló yọ ọ́?"

"Díákónì wa ni."

"Níbo ni Bàbá bá iṣẹ́ náà dé?"

"Àárín gan-an."

Ó gbá orí mú. "Háà! Àǹtí, ṣé ẹ ti dáko iṣu rí? Bí ìtàkùn iṣu bá ti lọ́ mọ́ ọ̀pá, ṣé ẹ máa ń fa ọ̀pá náà yọ? Ìtàkùn á já, iṣu á sì bàjẹ́ nínú ebè. Ẹ jẹ́ kí iṣu gbó, kí ewé rẹ̀ gbẹ, ẹ wà á. Ìgbà náà lẹ fa ọ̀pá yín." Ó ní géèmù náà ṣì ń rántí igbó yẹn, ó ń wá a, kò rí i, ìdí nìyẹn tó fi ń ṣubú lulẹ̀.

Ó ní ìbá rọrùn tí Bàbá bá ní sééfù tó ti wà kí Tóyìn tó fi àfikún náà sí i, ìyẹn ibi tí géèmù bá ìrìnàjò dé tí ó sì pa á mọ́. A ò ní. Ẹyọ kan ṣoṣo ni Bàbá ń lò, á kọ tuntun lé ti àná lórí, bí tíṣà tí ń nu pátákó. Ọmọ́táyọ̀ tún béèrè: "Lẹ́yìn tí wọ́n yọ ọ́, ṣé Bàbá tún ti pa òmíràn mọ́?" Mo ní rárá, géèmù ò jẹ́ kó ráyè, ó ń ti ara rẹ̀ pa ni.

Ó fò sókè! "Ẹ dúpẹ́! Ká ní ó ráyè pa á mọ́ bẹ́ẹ̀, ìbàjẹ́ ni ì bá kọ lé èyí tó dára lórí!"

Ẹ̀yin ará, ṣé ẹ gbọ́? Ohun tí à ń sunkún sí gan-an ni Olúwa fi pa tiwa mọ́! Ẹ pariwo síbẹ̀!

Ó bá mi wá sí Ìkẹ́rẹ́. Ó kọ́kọ́ ṣe ẹ̀dà sééfù náà sórí fláàṣì. Ó ní kí Tóyìn fi àfikún náà ránṣẹ́ padà, èyí tó fi síbẹ̀ nígbà náà gan-an, kó má fi tuntun rẹ̀ ránṣẹ́. Ó dá a padà sí àyè rẹ̀. Ó ní, "Bàbá, ẹ ṣí i." Bàbá na ọwọ́ bí ẹni tó fẹ́ kan iná. Ó ṣí. Igbó nìyẹn! Kẹ̀kẹ́ nìyẹn, ó so mọ́ igi! Òrìṣà ọ̀hún nìyẹn pẹ̀lú ojú pípọ́n!

Mo rí i pé Bàbá mú ògùṣọ̀ tó ń jó dání nínú géèmù. Mo ní, "Bàbá, kí lẹ fẹ́ fi iná ṣe níbẹ̀?"

Ó wò mí. "Kí lo rò? Mo fẹ́ sun ojúbọ inú ugbó ọ̀hún ni. Ẹ̀yìn rẹ̀ ni wọ́n ti àwọn ọmọ mọ́. Uná ti wà lọ́wọ́ mi kí Díákónì tó dé."

Mo lọgun: "Bàbá! Kí ló dé tí ẹ ò sọ fún wọn?"

"Wọn ò bi mí."

Wọn ò bi mí! Èèyàn mélòó ló rọ́ wọlé tọ àgbàlagbà lọ pẹ̀lú Bíbélì lọ́wọ́, tí kò sí ẹyọ ẹnìkan tó ní, "Bàbá, kí lẹ ń ṣe níbí?" Ẹni tó fẹ́ sun ojúbọ lẹ gba iná lọ́wọ́ rẹ̀! Àwọn òrìṣà gan-an kò ní lọ́yà tó tó yín! Pásítọ̀, ẹ jẹ́ n sọ ọ́ tán, ẹ má fọwọ́ kàn mí lára.

Bàbá sun ojúbọ náà. Àwọn ọmọ jáde. Ó gba ẹ̀bùn lọ́wọ́ baálẹ̀ abúlé, iṣẹ́ parí. Mo ní ká wá yọ àfikún náà kí Díákónì má bàá tún wọlé, Ọmọ́táyọ̀ ní a ò tíì lè fa ọ̀pá yọ. Ó ní kí Bàbá kó gbogbo ohun ìní rẹ̀ kúrò nínú ilé tí wọ́n fún un níbẹ̀, kó dá ọ̀dọ́kùnrin tó ń tẹ̀ lé e dúró kó lọ sílé rẹ̀, kó gun Kẹ̀kẹ́ jáde kúrò nínú igbó, kó padà sí ilé tirẹ̀ létí odò. Kó sùn níbẹ̀ fún ọjọ́ mélòó kan ti inú géèmù, kí ilẹ̀ ibẹ̀ lè rọlẹ̀. Lẹ́yìn náà ló ní kó pa á mọ́ sí sééfù tuntun, a sì tún ṣe ẹ̀dà rẹ̀. Ìgbà náà ló tó yọ àfikún náà. Wọ́ọ́rọ́wọ́. Ó ṣí géèmù, géèmù dúró, kò ti ara rẹ̀ pa. Ó ní kí Bàbá rìn káàkiri. Ó dúró! Ó pa á mọ́, ó tún ṣí i. Ó dúró, ẹ̀yin ará! Ó ní òun ò ní purọ́, àwókù díẹ̀ lè ṣẹ́kù nínú rẹ̀, kí Bàbá má ṣe nu ẹ̀dà wọ̀nyẹn, kó má sì gbé àfikún mìíràn lé e láìjẹ́ pé ó kọ́kọ́ tọ́jú òmíràn.

Bàbá gbé Kẹ̀kẹ́ lọ sí ìlú tó súnmọ́ wọn. Kẹ̀kẹ́ sinmi. Bàbá wo ọ̀pá rẹ̀. Ó dì í mú, ó bú orúnkún rẹ̀ ní èébú kan tí mi ò ní sọ nínú ilé Ọlọ́run, ó sì dìde. Ó dé ẹ̀yìnkùlé. Dókítà wá tẹ orúnkún, ó ní, "Ẹsẹ̀ yìí ti ń gbọ́ràn padà."

Olúwa, mo dúpẹ́! Ọba tó fi ìdíwọ́ ṣe ààbò, mo dúpẹ́! Ọmọ́táyọ̀, Ọlọ́run á fi ohun rere dá ọ lóhùn! Ẹ̀yin tí ẹ wà nínú wàhálà lónìí, tí gbogbo ayé ń ké lé yín lórí pé kí ẹ fà á tu kíá, kí ẹ nù ún, kí ẹ gbàgbé, ẹ má gbọ́ tiwọn. Ẹ parí ohun tó yẹ kí ẹ parí. Ẹ kó ẹrù yín jáde. Olúwa tó gba tiwa á gba tiyín.

Ẹ bá mi ké Halelúyà! Ẹ tún un ké!

Díákónì, mi ò tíì gbọ́ ohùn yín.