Kòtò Òjò Tí Wọ́n Dí

Níbi ẹ̀rọ omi ìlú Idigny tó ń fi oòrùn ṣiṣẹ́, lọ́jọ́ kan tí ojú ọ̀run ṣú tí omi ò sì jáde, mo gbọ́ tí obìnrin kan ń bá ìyá àgbàlagbà tó wà níwájú rẹ̀ sọ̀rọ̀.

"Ìyá, ṣebí ilé yín ló ní kòtò ńlá tí wọ́n ń tọ́jú omi òjò sí nì?"

"Ilé wa ni. Kí ìyá mi tó fi mí fọ́kọ, ó kọ́kọ́ wá bojú wo inú ẹ̀. Ó ní òun ò ní fi ọmọ òun fún òùngbẹ."

"Kí ló wá dé tẹ́ ẹ fi dí i?"

"Ẹ̀rọ dé, a ní kí la tún ń fi kòtò ṣe. Èmi gan-an ni mo ní kí wọ́n da yẹ̀pẹ̀ sí i, mo kọ́ bùtíìkì lé e lórí, mo ń tajà níbẹ̀."

"Ẹ tún un gbẹ́."

"Bùtíìkì yẹn ló ń bọ́ wa báyìí, ọmọ mi."

Bí òjò ṣe dé nìyẹn. Gbogbo wa sá sábẹ́ páànù. Àwọn bìdọ́ọ̀nù tí a fẹ́ fi pọn omi tò síta, ẹnu wọn kéré, òjò ń ta dànù lára wọn. Ìyá náà ń wo àgbàrá tó ń ṣàn lọ.

"Ọdọọdún ló ṣì ń wá sílé wa," ó ní. "Kò kàn ríbi sùn mọ́ ni."