Àyè Gba Ọkùnrin Inú Fíìmù

Nínú ọkọ̀ tó ń ti Ìdànrè lọ sí Àkúrẹ́ ni mo ti gbọ́ ọ, lẹ́nu ọkùnrin kan àti ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin tí wọ́n jókòó níwájú mi.

"Àǹtí mi, ọkùnrin inú fíìmù tí mo wò yẹn fi ẹṣin lé àwọn ọ̀daràn wọ aṣálẹ̀. Kò padà àfìgbà tó mú wọn. Bí èmi náà ṣe máa lé aládùúgbò oko mi nìyẹn. Ẹni tó hú pèrègún ààlà, tó lọ gbìn ín sáàárín kòkó mi, a jọ máa wà ní kóòtù ni."

"Ọkùnrin inú fíìmù yìí, ṣé ó lóko?"

"Wọ́n ti dáná sun ún."

"Ìyàwó ńkọ́?"

"Wọ́n pa á níbẹ̀rẹ̀. Tòun tọmọ."

"Àyè gbà á nìyẹn. Ìyàwó tìẹ ṣì wà láàyè, òun nìkan ló ń já kòkó nínú òjò. Bóo ṣe ń lọ sí kóòtù ni èyí tó kù lórí igi ń dúdú."

"Tí mo bá fi í sílẹ̀, ó máa gbin pèrègún yẹn dé ẹnu ọ̀nà mi."

"Kó tó débẹ̀, kò ní sí kòkó kankan tó máa rí jí mọ́."

"Ẹṣin yẹn dára ṣá."

Ọ̀rọ̀ àyè yẹn ò kúrò létí mi. Fíìmù yẹn ni mo lọ wò nígbà táwọn ẹgbẹ́ mi ń ṣèdánwò. N ò lóko, n ò níyàwó, n ò ní sàtífíkéètì. Àyè gbà mí ju ẹlẹ́ṣin lọ. Ẹni tó máa ṣẹ̀ mí, tí màá lé, ni mi ò tíì rí.